Ìdòwú Kò Gbọdọ̀ Gba Nǹkan Kan: Iṣẹ́ Ayé Mi Nídìí Tánkì Ọ̀dà

Ẹ̀yin ọmọ mi tí ẹ ń bi mí pé iṣẹ́ wo ni kí ẹ yàn láàyò, ẹ jókòó o. Bí ẹ bá rò pé màá sọ fún yín pé báyìí báyìí layé rí, ẹ ti ṣì mí mọ̀. Ọ̀dà pípò ni mo fi gbogbo ọjọ́ ayé mi ṣe, nílé iṣẹ́ kan ní Ìkẹjà, lápá Ọ̀gbà, títí wọ́n fi gbé aago ògiri kan fún mi, tí wọ́n ní kí n máa lọ ilé. Mo mọ ọ̀dà. Àmọ́ ohun kan wà nínú iṣẹ́ náà tí kò yé mi. Ìṣirò ni, mo sì ti fi da ara mi láàmú débi pé àwọn ọmọ mi máa ń sá tí mo bá ti mẹ́nu bà á. Ẹ̀yin ò ní ríbi sá sí lónìí.

Ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ ni mí. Rísíkátù lorúkọ mi, Rísí ni wọ́n ń pè mí níbi iṣẹ́. Ọ̀dọ̀ ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ní Agége ni mo dé sí, kò sì pẹ́ tí ẹnìkan fi mú mi wọ ilé iṣẹ́ náà. Bí wọ́n ṣe gbà mí àti owó tí wọ́n ń san, ẹ jẹ́ ká gbójú fò ó. Kò sí adùn nínú ẹ̀. Ibi tí wọ́n ti ń fọ agolo ni wọ́n kọ́kọ́ fi mí sí. Kẹrosíìnì àti àwọn nǹkan míì tó ń ta ni lára la fi ń fọ̀ ọ́. Kò tó oṣù mélòó kan tí àtẹ́lẹwọ́ mi bẹ̀rẹ̀ sí í bó bí ẹní bó ẹ̀gẹ́. Tí mo bá fọwọ́ kan ọbẹ̀, ata á jó mi títí omi á fi bọ́ lójú mi. Nígbà tí wọ́n wá ní àwọn ń wá ẹni tó kàwé díẹ̀ tó máa wọ yàrá ìwọ̀n, mo ti nawọ́ sókè kí wọ́n tó parí ọ̀rọ̀. Wọ́n sọ fún mi gbangba pé bí mi ò bá ṣe dáadáa níbẹ̀, ibi agolo ni mò ń padà sí. Ẹ fi ìyẹn sọ́kàn, torí òun ló mú mi rọ́jú gbogbo ohun tí mo fẹ́ sọ yìí.

Ọ̀gá Ajíbádé ló ni yàrá ìwọ̀n. Kì í ṣe pé òun ló kọ́ ọ o, àmọ́ máníjà pàápàá máa ń kan ilẹ̀kùn kó tó wọlé. Ọmọ Èkìtì ni, alàgbà ìjọ, ó rí tẹ́ẹ́rẹ́, ṣẹ́ẹ̀tì rẹ̀ kì í sì í ní ẹ̀kán ọ̀dà kankan. Mi ò mọ bó ṣe ń ṣe é. Ara àwa yòókù rí tóótòòtóó bí ẹtù. Kì í pariwo. Tí inú bá bí i, Èkìtì rẹ̀ á jáde, "iṣẹ́" á di "uṣẹ́" lẹ́nu rẹ̀, ìgbà yẹn ni kí o wá ibi gbà. Rúlà onígi kan kì í kúrò lọ́wọ́ rẹ̀. Bí o bá sọ̀rọ̀ nígbà tó ń ka nǹkan, á fi gbá tábìlì, pàà! Bí o bá bi í ní ìbéèrè, ìka rẹ ló ń gbá. "Ìbéèrè ní í ba ọ̀dà jẹ́," bó ṣe máa ń wí nìyẹn. Èmi tí wọ́n ti kọ́ nílé pé ẹni tó bá béèrè ọ̀nà kì í ṣìnà, orí mi ti dàrú láti ọjọ́ àkọ́kọ́.

Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé iṣẹ́ náà kó lè yé yín, bí ohun tí kò yé èmi fúnra mi bá lè yé ẹlòmíràn. Ọ̀dà funfun ni wọ́n ń dà sínú tánkì ńlá, àwa la máa bu kọ́lọ̀ tó ń yí àwọ̀ rẹ̀ padà sí i. Kọ́lọ̀ yẹn, ìyẹ̀fun ni, ó kúnná ju èlùbọ́ lọ, atẹ́gùn díẹ̀ báyìí á gbé e. Òṣùwọ̀n kì í dé ẹ̀gbẹ́ tánkì torí eruku yẹn á bà á jẹ́. Ọgbọ́n tí Ọ̀gá dá sí i ni pé ó gé agolo kọ̀ọ̀kan fún kọ́lọ̀ kọ̀ọ̀kan. Agolo yẹ́lò ń gba 0.35 kílò, agolo búlúù ń gba 0.6, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀. Bí tánkì bá wá ń fẹ́ kílò báyìí, a ó fi ti agolo pín ti tánkì, a ó kọ ìdáhùn sára bọ́ọ̀dù, àwọn ọkùnrin tó ń bu kọ́lọ̀ á wò ó, wọ́n á sì bu iye agolo tí wọ́n rí. Gbogbo iṣẹ́ wa nìyẹn. Ẹ gbọ́ bó ṣe rọrùn lẹ́nu!

Ọjọ́ tí Ọ̀gá kọ́ mi, yẹ́lò ni. Tánkì ń fẹ́ 4.2 kílò. Ó ya ilé kékeré sára bọ́ọ̀dù, bí a ṣe ń ya ti ìṣirò pínpín gígùn, ó kọ 4.2 sínú ilé, ó kọ 0.35 síta lẹ́nu ọ̀nà.

"Rísí, kí lo rí?"

"Pọ́íǹtì méjì ni mo rí, sà. Ọ̀kan nínú ilé, ọ̀kan níta."

"Èyí tó wà níta yìí, a ò lè fi pín nǹkan bó ṣe wà yẹn. Ó gbọ́dọ̀ di odidi. Kí la máa ṣe sí i?"

Mo ń wolẹ̀.

"Ṣé kò sí ìbejì nílé yín ni?"

"Ó wà, sà. Ẹ̀gbọ́n mi bí ìbejì."

"Tí ẹ bá ra bàtà fún Táyé ńkọ́?"

"A ó ra fún Kẹ́hìndé, sà. Ta ló jẹ́ ra fún ẹnì kan ṣoṣo?"

"Ó dáa. Ìbejì ni nọ́ńbà méjèèjì yìí. Pọ́íǹtì ti ìta fò lẹ́ẹ̀mejì kó tó di 35. Ti inú ilé náà gbọ́dọ̀ fò lẹ́ẹ̀mejì."

"Ṣùgbọ́n sà, ibi tó máa fò sí ò ju ẹyọ kan lọ."

"Fi òdo tẹ́ ilẹ̀ fún un kó rí ibi dúró." Ó kọ 420. Ó wá ń fi rúlà tọ́ka, ó ń kà á bí ẹni ń ka Bíbélì: "35 ò wọ inú 4. 35 wọ inú 42 lẹ́ẹ̀kan, ó ku 7. Sọ òdo kalẹ̀, ó di 70. 35 wọ inú 70 lẹ́ẹ̀mejì, kò ku nǹkan kan. Agolo méjìlá. Ó tán."

Ẹ gbà mí! Mo ti ń pín nǹkan láti kékeré. Tí wọ́n bá pín ẹran, ṣe ló máa ń kéré. Mi ò rí ẹran mẹ́rin rí tí wọ́n pín tó di méjìlá. Mo ní, "Sà, mẹ́rin àti díẹ̀ la ní. Báwo la ṣe pín in tó fi di méjìlá?" Pàà, lórí ìka mi! Mo ki ìka bọ ẹnu, àmọ́ ara mi ò gbà á, mo tún ní, "Sà, a sọ 4.2 di 420, a sọ 0.35 di 35. Gbogbo ohun tí a fi kún wọn yẹn, níbo ló lọ?"

Kò gbá mi ní ti ẹlẹ́ẹ̀kejì yẹn. Ó wò mí láti orí dé ẹsẹ̀, ó ní, "Ṣé ibi agolo lo fẹ́ padà sí ni?" Ohun kan ṣoṣo tí mo wá fẹ́ mọ̀ láyé yìí nìyẹn o: níbo ló lọ?

Wọ́n ní ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Àna Ọ̀gá kú ní Èkìtì, ó lọ sìnkú, ó fi yàrá ìwọ̀n sílẹ̀ fún èmi nìkan. Tánkì búlúù ló kàn, búlúù fẹ́ẹ́rẹ́ bí ojú ọ̀run, fún ògiri ilé ìwé kan. 8.4 kílò ni wọ́n ń fẹ́, agolo búlúù sì ń gba 0.6. Inú mi dùn. Mo jẹ́ kí pọ́íǹtì Kẹ́hìndé, ti ìta, fò lẹ́ẹ̀kan, ó di 6. Mo jẹ́ kí ti Táyé, ti inú ilé, fò lẹ́ẹ̀kan, ó di 84. 6 wọ inú 8 lẹ́ẹ̀kan, ó ku 2. Mo sọ 4 kalẹ̀, ó di 24. 6 wọ inú 24 lẹ́ẹ̀mẹrin. 14. Ó gún régé.

Ká ní mo fi mọ síbẹ̀! Àmọ́ ọkàn mi ò balẹ̀. Mo rántí pé nílé ìwé, tí a bá ń sọ nǹkan oní-pọ́íǹtì di púpọ̀, tíṣà máa ń kìlọ̀ pé ká má gbàgbé pọ́íǹtì ti ìdáhùn. Mo wá ń wo 14 yìí, mo ní, ìwọ ńkọ́? Ọmọ ta ni ẹ́? Ẹni tí wọ́n bí tẹ̀lé ìbejì, kí lorúkọ ẹ̀? Ìdòwú ni! Níbo ni wọ́n ti ń ra nǹkan fún ìbejì tí wọ́n á fo Ìdòwú? Èṣù lẹ́yìn ìbejì! Nílé ẹ̀gbọ́n mi, tí bàtà bá dé tí ti Ìdòwú ò sí níbẹ̀, gbogbo àdúgbò ni kò ní gbádùn. Mo pàtẹ́wọ́. Mo ní áà, ibi tí ohun tí mò ń wá lọ nìyí, ọwọ́ Ìdòwú ló wà! Mo jẹ́ kí pọ́íǹtì tirẹ̀ náà fò lẹ́ẹ̀kan, mo fi òdo tẹ́ ilẹ̀ fún un. 140. Mo kọ ọ́ gàdàgbà sára bọ́ọ̀dù.

Ẹ máa bi mí pé ṣé ojú mi ò rí i pé ó pọ̀ jù ni. Ojú mi rí i. Ṣùgbọ́n ẹni tó ti gbà pé mẹ́rin àti díẹ̀ pín, ó di méjìlá, kí ló tún máa yà á lẹ́nu? Bí 14 ṣe ṣàjèjì sí mi náà ni 140 ṣe ṣàjèjì.

Súlè, ọmọ Ìsẹ́yìn, àti Monday, tí kò gbọ́ Yorùbá dáadáa, ló ń bu kọ́lọ̀. Wọ́n wo bọ́ọ̀dù, wọ́n wo ara wọn, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í bù. Ẹnikẹ́ni kì í béèrè nǹkan nínú yàrá yẹn, Ọ̀gá ti kọ́ gbogbo wa. Àpò kan tán. Wọ́n já òmíràn. Monday nu ojú, ó ní, "Sista Risi, e never do?" Mo nawọ́ sí bọ́ọ̀dù bí Ọ̀gá ṣe máa ń ṣe. Ìyẹn náà tán. Súlè ní, "Sísítà, ọ̀dà yìí ti ń le o, ó fẹ́ máa di ẹ̀bà." Mo fi ìgbéraga dáhùn pé, "Súlè, ìbéèrè ní í ba ọ̀dà jẹ́." Èmi Rísí! Ẹ wo ẹnu mi!

Ẹ̀rọ tó ń po ọ̀dà ló kọ́kọ́ béèrè. Ó kérora, ó gbọ̀n, èéfín yọ nídìí rẹ̀, ó dákẹ́. Eruku búlúù ti gba gbogbo yàrá. Nígbà tí máníjà sáré wọlé, eyín wa nìkan ló rí. Ìyókù ara wa dà bí aṣọ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ yọ nínú aró. Ó ní, "Ta ló ṣe èyí?" Mo ní, "Ìdòwú ni, sà." Ó ní, "Ìdòwú wo? Ẹ lọ mú un wá!" Ìdòwú kan sì wà ní sítọ́ọ̀ tí wọ́n ń kó ẹrù sí lóòótọ́, ọmọ èèyàn jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́. Wọ́n fa ọkùnrin náà dé tòun ti oúnjẹ lẹ́nu, kò mọwọ́ kò mẹsẹ̀. Ó ṣe díẹ̀ kó tó bá mi sọ̀rọ̀ lẹ́yìn ìyẹn.

Gbogbo ọ̀dà tánkì yẹn ṣòfò. Ẹ̀rọ náà jóná. Máníjà ní kí n dúró sílé títí Ọ̀gá á fi dé, ó ní ọ̀rọ̀ mi ti kọjá ibi agolo, bóyá géètì ló kù. Mo sunkún títí ojú mi fi wú. Nígbà tí Ọ̀gá dé, wọ́n pe àwa méjèèjì sí ọ́fíìsì.

"Rísí, ta ló ní kí o fún Ìdòwú ní nǹkan?"

"Ẹ̀yin lẹ ní ìbejì ni wọ́n, sà. Mo rò pé..."

"Ìbejì ni mo wí! Ǹjẹ́ mo dárúkọ Ìdòwú fún ọ? Ìdòwú kò gbọdọ̀ gba nǹkan kan!"

"Kí ló dé tí kò fi ní gbà, sà? Kí ló ṣe?"

Máníjà fi ọwọ́ bo ẹnu, èjìká rẹ̀ ń mì. Ọ̀gá gbé rúlà sókè. Mo ti na ìka sílẹ̀ de é. Ó wo ìka mi, ó wo ojú mi, ó sọ rúlà kalẹ̀. Ó kọjú sí máníjà, ó ní, "Èmi ni mo kọ́ ọ. Bí ẹ bá máa lé e, ẹ jẹ́ ká jọ máa lọ." Ó ṣílẹ̀kùn, ó jáde, kò wẹ̀yìn. Mo rò pé ìbínú ti kún inú rẹ̀ jù ni. Bẹ́ẹ̀ ni mo rò fún ọ̀pọ̀ ọdún.

Wọn ò lé mi. Mi ò sì ṣì í mọ́ láti ọjọ́ náà. Ìdòwú ò rí kọ́bọ̀ gbà lọ́wọ́ mi. Àmọ́ ẹni tí ejò bá ti bù jẹ rí, bó bá rí ekòló á sá. Gbogbo ìgbà tí mo bá kọ ìdáhùn tán, màá tún máa bi ara mi: ṣé kò sí ẹni tí mo fò? Ṣé bí mo ṣe mọ̀ ọ́n ni yìí, àbí mo kàn ń rìn ín bí ẹní rìn nínú òkùnkùn nílé onílé? Mi ò rí ẹni bi. Ẹ̀yin tó ń wá iṣẹ́, ẹ gbọ́: ẹ wá ibi tí wọ́n ti máa jẹ́ kí ẹ béèrè. Owó iṣẹ́ lè kéré kó tún pọ̀, ṣùgbọ́n ẹ̀rù tí èèyàn bá fi kọ́ṣẹ́ kì í lọ bọ̀rọ̀.

Irinṣẹ́ wa wá ń yí padà. Kakulétọ̀ dé; Ọ̀gá ní ká kọ́kọ́ fọwọ́ ṣe é ká tó tẹ̀ ẹ́. Ọ̀gá fẹ̀yìn tì, wọ́n fi mí sípò rẹ̀. Òṣùwọ̀n tuntun tí eruku kì í ṣe ní nǹkan kan dé, wọ́n kó àwọn agolo Ọ̀gá lọ tà fún àwọn onírin. Ó dùn mí gan-an. Nígbẹ̀yìn, wọ́n gbé kọ̀ǹpútà wá, ẹ kàn máa sọ àwọ̀ tí ẹ fẹ́ fún un ni, á bu kọ́lọ̀ fúnra rẹ̀. Mo bi ọmọkùnrin tó gbé e wá pé, "Nǹkan yìí, ṣé òun mọ ibi tó lọ?" Ó ní, "Ibi tí kí ni lọ, Mọ́mì?" Mo ní kó máa bá iṣẹ́ ẹ̀ lọ. Àwọn tí mo kọ́ náà bi mí. Kí ni kí n sọ? Mo ní ìbéèrè ní í ba ọ̀dà jẹ́.

Lẹ́yìn tí èmi náà fẹ̀yìn tì, tí mo kó lọ sí Abúlé Ẹ̀gbá, mo gbọ́ pé ara Ọ̀gá ò yá. Ilé rẹ̀ wà ní Ìlúpéjú. Mo ránṣẹ́ pé mò ń bọ̀, mo sì lọ. Ìyàwó rẹ̀, tí gbogbo wa ń pè ní Mọ́mì, mú mi wọ yàrá. Ọ̀gá ti rù, àmọ́ ṣẹ́ẹ̀tì ọrùn rẹ̀ mọ́ tónítóní. A sọ ti Súlè, a sọ ti Monday, a rẹ́rìn-ín títí ó fi ń wúkọ́. Mo wá ní, "Ọ̀gá, ẹ má bínú sí mi o. Ìbéèrè tí mo bi yín nígbà yẹn lọ́hùn-ún. Ohun tí a fi kún ti inú ilé, tí a fi kún ti ìta, níbo ló lọ?"

"Mi ò mọ̀ ọ́n," ló wí.

"Ẹ̀n, sà?"

"Mi ò mọ̀ ọ́n, Rísí. Ẹni tó kọ́ èmi náà, rúlà ló fi dá mi lóhùn. Ọjọ́ tí o bi mí níwájú máníjà, mo yáa jáde ni, kí ẹ má baà rí i lójú mi pé mi ò mọ̀ ọ́n." Ó gbé orí sókè díẹ̀ lórí ìrọ̀rí. "Nígbà tí wọ́n ní o ń bọ̀, mo rò pé o ti rí i ni. Mo rò pé o fẹ́ wá sọ fún mi ni."

Háà! Ẹ̀yin èèyàn mi. Omi bọ́ lójú mi pòròpòrò. Mo di ọwọ́ rẹ̀ mú, mo ní, "Ẹ fún mi láyè díẹ̀, sà. Màá wá a rí, màá wá sọ fún yín." Ó ní, "Tètè o."

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í béèrè kiri. Ọmọ-ọmọ mi fi fóònù hàn mí; bí a ṣe ń fò ó nìyẹn náà ń sọ, kò sọ ìdí. Ààfáà wa ní Ọlọ́hun ló mọ̀ jù. Ìgbà tó yá ni mo bi tíṣà kan tó ń gbé yàrá ẹ̀yìn nílé wa. Ó ní, "Àlàájà, àpò kékeré kan ló wà, tí agolo kékeré mẹ́rìnlá kún. Ẹ sọ àpò náà di ńlá lọ́nà mẹ́wàá. Ẹ sọ agolo náà di ńlá lọ́nà mẹ́wàá. Agolo mélòó ló máa kún un?" Mo dijú, mo rí wọn, àpò gàǹgà, agolo gàǹgà. Mo ní, "Mẹ́rìnlá." Ó ní, "Àpò ló gbé e wá, agolo ló gbé e lọ. Kò ku nǹkan kan sílẹ̀ fún ìdáhùn." Yéè! Mo dì mọ́ ọmọ ọlọ́mọ, mo fẹ́ gbé e pọ̀n.

Ilẹ̀ ọjọ́ kejì kò tètè mọ́ lójú mi. Mo wọ bọ́ọ̀sì ìjọba ní Abúlé Ẹ̀gbá, mo ń kà á sínú, mo ń kà á síta, kó má baà bọ́ lórí mi. Obìnrin tó jókòó tì mí sún kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Mo ń rẹ́rìn-ín nìkan. Mo fẹ́ rí ojú Ọ̀gá.

Nígbà tí mo dé Ìlúpéjú, bàtà pọ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Mọ́mì jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ ní pálọ̀, àwọn obìnrin ìjọ yí i ká. Ó rí mi, ó na ọwọ́ sí mi, ó ní, "Àná ni, Rísí. Láràárọ̀ ló ń bi mí pé ṣé o ti dé."

Mo jókòó tì í nílẹ̀, a jọ sunkún. Nígbà tó yá, ó fi etí ìró nu ojú, ó ní, "Kí lohun tí o fẹ́ sọ fún un gan-an?" Mo la ẹnu. Àpò ńlá, agolo ńlá... Mo wá a lọ, mo wá a bọ̀, ó ti bọ́ lórí mi, mi ò mọ ibi tí màá ti bẹ̀rẹ̀.